Adití Kì í Ṣe Odi: Àbá lórí Èdè-Ìperí fún Ìwòye, Èdè àti Ẹ̀kọ́ Ọmọ Adití

1. Ìfáàrà

Ọ̀rọ̀ méjì ni a sábà máa ń pè pọ̀ nígbà tí ọ̀rọ̀ bá kan ọmọ tí kò gbọ́ ìró: adití àti odi. A máa ń so méjèèjì mọ́ra bí ẹni pé ohun kan náà ni wọ́n, tàbí bí ẹni pé dandan ni kí èkejì tẹ̀ lé èkíní. Ohun tí a fẹ́ sọ nínú àpilẹ̀kọ yìí ni pé àsopọ̀ yìí kò bá ìmọ̀ mu, ó sì ń pa ọmọ lára. Àìgbọ́ ìró nìkan kò tó láti ba ìdàgbàsókè ọmọ adití jẹ́. Ohun tí ó ń bà á jẹ́ ni àìrí èdè tí ojú rẹ̀ lè gbà ní ọdún mẹ́ta mẹ́rin àkọ́kọ́ ayé rẹ̀. Bí àwa tí a ń ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀, tí a ń túmọ̀ ìwé, tí a sì ń kọ́ni, kò bá fi orúkọ ya ìró sọ́tọ̀ kúrò lára èdè, òbí àti olùkọ́ kò ní mọ èyí tí ó yẹ kí wọ́n wá fún ọmọ.

Èdè-Ìperí Yorùbá tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olóòtú rẹ̀ ní ọdún 1984 ti la ọ̀nà fún wa ní ti èdè, lítíréṣọ̀ àti ìlànà ìkọ́ni. Ó tó àkókò kí a gbé ọ̀nà náà dé ọ̀dọ̀ ọmọ adití. Orúkọ ọmọ ní í ro ọmọ. Orúkọ tí a fi pe àìlera ọmọ náà a sì máa ro ó.

2. Gbọ́ àti wòye

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti inú èdè wa. Ọ̀rọ̀-ìṣe 'gbọ́' kò mọ sí ti etí nìkan. A máa ń gbọ́ ìró ìlù. A máa ń sọ pé lágbájá gbọ́ Hausa, èyí tí ó túmọ̀ sí pé èdè náà yé e. A sì máa ń gbọ́ òórùn ọbẹ̀, bẹ́ẹ̀ imú ni ó ṣe iṣẹ́ náà. Nítorí náà, ìtumọ̀ 'gbọ́' gbòòrò ju etí lọ: kí ohun tí ó wà lóde wọ inú ẹni ni, yálà etí ni ó gbé e wọlé tàbí ẹ̀yà ara mìíràn. Bí imú bá lè gbọ́, kò sí ìdí tí a ó fi sọ pé ojú kò lè gbọ́ èdè.

Ọ̀rọ̀ kejì ni 'ìwòye'. 'Wò' àti 'òye' ni ó di 'wòye'. Nígbà tí a bá ń wá ọ̀rọ̀ fún bí ọkàn ṣe ń gba ohun tí ojú, etí, imú, ahọ́n àti awọ ara kó wá fún un, ìwòye ni ọ̀pọ̀ nínú wa ń lò. Ojú ni àwọn baba wa fi ṣe olórí níbẹ̀. Ó wá yani lẹ́nu pé èdè tí ó fi ojú ṣe ìpìlẹ̀ òye ni a fi ń pe ọmọ tí ojú rẹ̀ mú ní aláìlóye.

Ewu kan wà nínú 'gbọ́' tí a kò gbọdọ̀ gbójú fò. Láti inú 'gbọ́' àti 'ọ̀ràn' ni a ti rí 'gbọ́ràn', 'ìgbọ́ràn' àti 'aláìgbọ́ràn'. Ìwà ni àwọn wọ̀nyí ń tọ́ka sí. Olùkọ́ tí ó bá kọ ọ́ sínú ìwé pé 'ọmọ yìí kì í gbọ́ràn' ti fi ẹ̀sùn kan ọmọ náà. Ọmọ tí etí rẹ̀ ń di díẹ̀díẹ̀, lẹ́yìn ibà líle tàbí etí tí ń ṣọyún, lè jẹ ẹgba ní ilé àti ní kíláàsì nítorí oríkunkun kí ẹnikẹ́ni tó rántí láti yẹ etí rẹ̀ wò. Fún ìdí èyí, kí a má ṣe fi 'ẹni tí kì í gbọ́ràn' rọ́pò adití nínú ìwé pẹ̀lú èrò pé ó rọ̀ létí ju adití lọ. Adití dára tó. Etí ni ó sọ pé ó di. Kò sọ nǹkan kan nípa ọpọlọ, kò sì sọ nǹkan kan nípa ẹnu.

Odi ni ó ṣini lọ́nà. Tán-án-ná, ahọ́n àti ètè ọmọ adití sábà máa ń pé pérépéré. Ó ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń pariwo. Kò sọ Yorùbá nítorí pé Yorùbá kò dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ nínú wa kò ṣe sọ èdè Ṣáínà nítorí pé a kò bá a pàdé.

3. Ohun tí ń ṣẹlẹ̀ ní ọdún àkọ́kọ́

Ọmọ ti ń gbọ́ ìró kí a tó bí i. Láti nǹkan bí oṣù kẹfà oyún ni etí inú ti ń ṣiṣẹ́. Ìwádìí DeCasper àti Fifer tí ó jáde ní ọdún 1980 fi hàn pé ọmọ tuntun tí kò tí ì pé ọjọ́ mẹ́ta láyé a máa yan ohùn ìyá rẹ̀ láàyò ju ohùn obìnrin mìíràn lọ. Nígbà tí a ó bá fi sọ ọmọ lórúkọ ní ọjọ́ kẹjọ, ọmọ tí etí rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ ti ń kó ohùn jọ fún oṣù mélòó kan. Adití àbínibí kò tí ì rí kọ́bọ̀ kó jọ.

Síbẹ̀ ìyá kì í tètè fura. Ní oṣù díẹ̀ àkọ́kọ́, ọmọ adití ń sunkún, ó sì ń dá ohùn bí àwọn ọmọ yòókù. Bí ènìyàn bá wọlé, ó lè yíjú síbẹ̀ nítorí pé òjìji kọjá, tàbí nítorí pé atẹ́gùn ilẹ̀kùn fẹ́ sí i lára. Ìyàtọ̀ a máa hàn nígbà tí àwọn ọmọ yòókù bá bẹ̀rẹ̀ sí í to sílébù: 'bàbàbà', 'dàdàdà'. Oller àti Eilers jábọ̀ ní ọdún 1988 pé àwọn ọmọ tí etí wọn ń ṣiṣẹ́ ti ń ṣe èyí kí oṣù kẹwàá tó parí, ṣùgbọ́n àwọn adití inú ìwádìí náà kò bẹ̀rẹ̀ àfi láti oṣù kọkànlá lọ sókè, tí àwọn mìíràn sì lé ní ọdún méjì.

Ibí ni ẹni tí ó gbà pé adití àti odi jẹ́ ọ̀kan yóò ti sọ pé ọ̀rọ̀ ti parí. Ṣùgbọ́n ní ọdún 1991, Petitto àti Marentette ṣe àkíyèsí ọmọ adití tí òbí wọn jẹ́ adití tí ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀. Wọ́n rí i pé ní ọjọ́ orí kan náà tí àwọn ọmọ yòókù ń fi ẹnu to sílébù, ọwọ́ ni àwọn ọmọ wọ̀nyí fi ń tò ó: ìrísí ọwọ́ kan náà, ìrìn ọwọ́ kan náà, léraléra, láìní ìtumọ̀ kankan. Ọpọlọ ọmọ kò bèèrè ẹnu ọ̀nà tí èdè gbà wọlé. Ètò ni ó ń wá: ohun kéékèèké tí a lè tò di ńlá.

Àwọn ọmọ tí ó ní irú òbí bẹ́ẹ̀ kò pọ̀. Ní Amẹ́ríkà, ó lé ní 90 nínú 100 ọmọ adití tí òbí wọn ń gbọ́ ìró. Ní ọ̀dọ̀ tiwa náà, àrùn yírùnyírùn, ibà pọ́njú ìkókó, etí tí ń ṣọyún àti àwọn òògùn tí ń ba etí jẹ́ wà lára ohun tí ń di etí ọmọ. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ ní ọdún 2021 pé nǹkan bí 60 nínú 100 dídi etí láàrin àwọn ọmọdé ni ó ní okùnfà tí a lè dènà. Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ a sábà máa jẹ́ adití kan ṣoṣo nínú agbo ilé.

Ẹ wo agbo ilé kan ní Ọ̀rányàn, ní àárín Ìbàdàn àtijọ́, tí Bẹẹrẹ, Ọjà'ba àti Mápó yí ká. Ọmọ tí etí rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ kì í jókòó kọ́ Yorùbá ní irú ibẹ̀. Ọ̀rọ̀ ń ta sí i létí ni: oríkì tí ìyá àgbà ń kì láàárọ̀, owó tí àwọn oníbàárà ń ná lẹ́nu ọ̀nà, aáwọ̀ ìyáalé àti ìyàwó, yẹ̀yẹ́ àwọn ọkùnrin nídìí ayò. A lè pe èyí ní ẹ̀kọ́ àṣàmọ̀, ìyẹn ni pé ọmọ ń ṣa ìmọ̀ nílẹ̀ láìsí pé ẹnikẹ́ni pinnu láti kọ́ ọ. Ọmọ adití wà níbẹ̀ kan náà. Ó ń rí ẹ̀rín láìmọ ohun tí a fi ń rẹ́rìn-ín. Ó ń rí ìjà láìmọ ìdí rẹ̀. Ó fi ojú bèèrè. A fi ọwọ́ júwe fún un pé ó di ìgbà tó bá yá. Ìgbà náà kì í sábà dé.

4. Ìlù àti ètè

Àwọn kan yóò sọ pé: ẹ kọ́ ọ kí ó máa wo ètè. Ìdáhùn sí èyí wà nínú fonẹ́tíìkì Yorùbá fúnra rẹ̀. Ẹ dúró níwájú dígí kí ẹ pe 'bá', 'má', 'gbá' àti 'pá'. Ètè méjèèjì pàdé, wọ́n sì ṣí. Ohun tí ó ya 'b' sọ́tọ̀ lára 'm' wà nínú imú. Ohun tí ó yà á sọ́tọ̀ lára 'gb' wà ní ẹ̀yìn ahọ́n, níbi tí ojú kò dé. Ohun tí ó ya 'gb' sọ́tọ̀ lára 'p' wà ní tán-án-ná. Ẹ wá fi ohùn òkè, ohùn àárín àti ohùn ìsàlẹ̀ sí ọ̀kọ̀ọ̀kan. Tán-án-ná náà ni ó ń ṣe iṣẹ́ ohùn. Sílébù 12 ti di ẹyọ kan ṣoṣo lójú ẹni tí ń wo ètè. Igba, igbá, igbà àti ìgbà, ètè kan náà ni. Ẹni tí ń wo ètè Gẹ̀ẹ́sì pàápàá ń pàdánù ọ̀pọ̀ ìró. Ẹni tí ń wo ètè Yorùbá pàdánù gbogbo ohùn mọ́ ọn.

Ẹ wá wo òdìkejì rẹ̀. Ìlù gángan kì í ṣe àjèjì sí ẹnikẹ́ni láti Ọ̀rányàn títí dé Ọjà'ba. Ohùn ni ìlù ń gbé. Kò ní kọ́ńsónáǹtì, kò sì ní fáwẹ̀lì. Síbẹ̀ àgbàlagbà a máa gbọ́ oríkì rẹ̀ nínú ìlù, a sì máa tọwọ́ bọ àpò. Kí ni ó mú èyí ṣeé ṣe? Ó ti ní èdè náà tẹ́lẹ̀ ni. Ó ń fi ohun tí ó mọ̀ dí àlàfo ohun tí ìlù kò sọ. Ọmọ tí kò gbọ́ Yorùbá rí kò lè kọ́ Yorùbá láti inú ìlù, bí ó ti wù kí onílù náà mọ iṣẹ́ rẹ̀ tó. Ìlù gbé ohùn láìsí kọ́ńsónáǹtì. Ètè gbé díẹ̀ nínú kọ́ńsónáǹtì àti fáwẹ̀lì láìsí ohùn. Ìdajì ni ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, ẹni tí ó bá sì ti ní odindi nìkan ni ìdajì lè ràn lọ́wọ́.

Èyí ni ó fi yẹ kí a ya oríṣi adití méjì sọ́tọ̀. Andrew Foster, ọmọ Amẹ́ríkà aláwọ̀ dúdú tí ó dá ilé-ìwé àwọn adití sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọdún 1960, jẹ́ ọmọ ọdún 11 nígbà tí àrùn yírùnyírùn di etí rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ti wà nínú rẹ̀ kí etí tó di. Ọmọ oṣù mẹ́jọ tí àrùn kan náà bá ṣe kò ní irú ìṣúra bẹ́ẹ̀ nípamọ́. Nínú èdè wa, adití ni àwọn méjèèjì ń jẹ́. Nínú ẹ̀kọ́, ìṣòro wọn yàtọ̀ bí ilẹ̀ ti yàtọ̀ sí ọ̀run. A dábàá 'adití ṣáájú-èdè' àti 'adití lẹ́yìn-èdè'.

A kò sọ pé kí a kọ ẹ̀rọ ìgbọ́rọ̀ sílẹ̀. Èyí tí a ń fi sí etí àti èyí tí a ń fi iṣẹ́ abẹ gbé wọ inú etí ti ran ọ̀pọ̀ ọmọ lọ́wọ́, pàápàá bí a bá tètè ṣe é. Ṣùgbọ́n owó rẹ̀ wúwo, ó ń fẹ́ bátìrì, àyẹ̀wò àti ìkọ́ni ọlọ́jọ́ gbọọrọ, ọpọlọ ọmọ kì í sì í dúró de owó. Ọmọ tí ó ti ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀ kí ẹ̀rọ tó dé kò pàdánù nǹkan kan.

5. Èdè ọwọ́

Ǹjẹ́ èdè ni ohun tí àwọn adití ń fi ọwọ́ sọ? Ní ọdún 1960 kan náà tí Foster dá ilé-ìwé Ìbàdàn sílẹ̀ ni William Stokoe, olùkọ́ ní Gallaudet, ilé-ẹ̀kọ́ gíga àwọn adití ní Washington níbi tí Foster ti gboyè ní ọdún 1954, tẹ ìwádìí rẹ̀ jáde. Ó fi hàn pé a lè tú ọ̀rọ̀ ọwọ́ kọ̀ọ̀kan sí wẹ́wẹ́ bí a ti ń tú ọ̀rọ̀ ẹnu sí fóníìmù: ìrísí ọwọ́, ibùdó ọwọ́ àti ìrìn ọwọ́. Bí a bá yí ọ̀kan padà, ìtumọ̀ lè yí padà. Àwọn tí ó tẹ̀ lé e fi kún un pé ojú pàápàá ń ṣe iṣẹ́ gírámà: nínú èdè ọwọ́ Amẹ́ríkà, gbígbé irun òkè ojú sókè ni ó ń sọ gbólóhùn di ìbéèrè tí a ń fi bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ dáhùn. Àwọn àgbà wa ní ojú lọ̀rọ̀ wà. Nínú èdè ọwọ́, òwe náà ti di òfin gírámà.

Èdè ọwọ́ Amẹ́ríkà yìí ni Foster gbé wá sí Accra ní ọdún 1957 àti sí Ìbàdàn ní ọdún 1960. Òun náà ti ní ìran tirẹ̀: ní ọdún 1817 ni Laurent Clerc, adití ọmọ ilẹ̀ Faransé, bá wọn dá ilé-ìwé sílẹ̀ ní Hartford pẹ̀lú èdè ọwọ́ Paris. Nígbà tí Foster dé ọ̀dọ̀ wa, ìpinnu àpéjọ Milan ti ọdún 1880, pé ọ̀rọ̀ ẹnu ni kí a máa fi kọ́ adití, ṣì ń darí ọ̀pọ̀ ilé-ìwé láyé. Àpéjọ irú rẹ̀ tí ó wáyé ní Vancouver ní ọdún 2010 ni ó wá kọ ìpinnu náà. Kí Foster tó kú nínú jàǹbá ọkọ̀ òfuurufú ní Rwanda ní oṣù kejìlá ọdún 1987, ó ti dá ilé-ìwé sílẹ̀ ní orílẹ̀-èdè tí ó lé ní mẹ́wàá ní Áfíríkà.

Ọmọ tí kò bá rí irú ilé-ìwé bẹ́ẹ̀ kì í jókòó lásán. Òun àti ará ilé a dá ọwọ́ díẹ̀ sílẹ̀ fún oúnjẹ, owó, ìyá àti òjò. A lè pe èyí ní 'ọwọ́ ilé'. Iṣẹ́ Susan Goldin-Meadow ti fi hàn pé ètò wà nínú ọwọ́ ilé tí ọmọ fúnra rẹ̀ dá. Ṣùgbọ́n ènìyàn mélòó kan ni ó mọ̀ ọ́n, ẹnu ọ̀nà agbo ilé ni ó sì dópin sí. Ohun tí ń sọ ọwọ́ ilé di èdè ni àwùjọ. Ní Managua, ní Nicaragua, nígbà tí a kó àwọn ọmọ adití jọ sí ilé-ìwé láti ọdún 1977, olúkúlùkù gbé ọwọ́ ilé tirẹ̀ wá, wọ́n dà á pọ̀, àwọn ọmọ kéékèèké tí ó dé lẹ́yìn wọn sì sọ ọ́ di èdè tí ó ní gírámà kíkún. Ní ìtòsí wa, àwọn Hausa ní èdè ọwọ́ tiwọn, èyí tí Constanze Schmaling kọ ìwé lé lórí ní ọdún 2000. Maganar hannu ni wọ́n ń pè é: ọ̀rọ̀ ọwọ́.

Orúkọ yìí tọ́ wa sọ́nà. Àwọn kan ń lo 'èdè àmì', ṣùgbọ́n nínú gírámà Yorùbá, àmì ni ohun tí a fi lé orí nǹkan mìíràn, bí àmì ohùn. Àwọn mìíràn ń lo 'àpèjúwe', bí ẹni pé ẹni tí ń fi ọwọ́ sọ̀rọ̀ kàn ń fara júwe. 'Èdè ọwọ́' sọ òótọ́ ní ṣókí. Bí a bá ní ojú náà wà níbẹ̀, kí a rántí pé a ń pe tiwa ní 'ọ̀rọ̀ ẹnu', bẹ́ẹ̀ imú ń kó ipa nínú gbogbo fáwẹ̀lì àránmúpè wa.

6. Ojú kan, iṣẹ́ méjì

Ohun tí olùkọ́ gbọ́dọ̀ mọ̀ nípa ìwòye ọmọ adití kò ju èyí lọ: ojú kan náà ni ó fi ń wo nǹkan, tí ó sì fi ń gba ọ̀rọ̀ nípa nǹkan náà. Ìyá tí ń bó ọsàn lè máa sọ̀rọ̀ nípa ọsàn nígbà tí ọmọ ń wo ọsàn, nítorí pé etí ọmọ ṣófo. Ti ọmọ adití kò rí bẹ́ẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ wo ọsàn, kí ó gbé ojú sókè wo ọwọ́, kí ó tún padà sí ọsàn. Olùkọ́ tí ó kọjú sí pátákó, tí ó ń kọ̀wé tí ó sì ń ṣàlàyé lẹ́ẹ̀kan náà, ti gba ẹ̀kọ́ méjèèjì mọ́ ọn lọ́wọ́. Kí ó kọ, kí ó dúró, kí ó yíjú, kí ó tó sọ̀rọ̀. Ohun tí kò náni ní kọ́bọ̀ ni, ó sì yẹ kí ó wà nínú ìwé gbogbo olùkọ́ tí a ń dá lẹ́kọ̀ọ́, kì í ṣe ti àwọn tí ó lọ sí Kọ́lẹ́ẹ̀jì Ìjọba Àpapọ̀ fún Ẹ̀kọ́ Àkànṣe ní Ọ̀yọ́, tí a dá sílẹ̀ ní ọdún 1977, nìkan.

Ti èdè ìkọ́ni ńkọ́? Ìdánwò ọlọ́dún mẹ́fà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fáfúnwá àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1970 fi hàn pé ọmọ tí a fi èdè tí ó yé e kọ́ kò rẹ̀yìn, àní nínú Gẹ̀ẹ́sì pàápàá. A gba ẹ̀rí yìí fún ọmọ Yorùbá; kí a gbà á fún ọmọ adití. Èdè ọwọ́ ni yóò kọ́kọ́ ní. Yóò fi í kọ́ Yorùbá tí a kọ sílẹ̀. Yóò sì fi méjèèjì kọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Bí ó bá fo ti àárín, yóò dàgbà láìlè ka lẹ́tà tí ìyá rẹ̀ kọ.

Nínú Yorùbá tí a kọ sílẹ̀, àmì ohùn ni ọ̀nà tí ohùn gbà dé ojú adití. Ohun tí ètè kò fi hàn, ìwé fi hàn. Nítorí náà, ìwé tí a kò fi àmì ohùn sí, tí àwa ń fojú fò, jẹ́ àdánù ńlá fún un. Bákan náà, lẹ́tà ìka tí a jogún láti Amẹ́ríkà jẹ́ 26, ti Gẹ̀ẹ́sì sì ni. Kò ní 'ẹ', kò ní 'ọ', kò ní 'ṣ'. Ọmọ tí ń jẹ́ Ṣọlá kò lè fi ìka kọ orúkọ ara rẹ̀ bí ó ti yẹ. Lẹ́tà mẹ́ta péré ni a nílò láti fi kún un, pẹ̀lú ìṣesí ọwọ́ kan fún ohùn òkè àti ọ̀kan fún ohùn ìsàlẹ̀.

7. Àwọn ọ̀rọ̀ tí a dábàá

Adití: ẹni tí etí rẹ̀ kò gba ìró tó láti fi gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu. Kí a pa á mọ́.

Odi: kí a fi í mọ sọ́dọ̀ ẹni tí àìsàn ẹnu, ọ̀fun tàbí ọpọlọ dí lọ́wọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu, kí a má ṣe lò ó fún adití.

Adití ṣáájú-èdè, adití lẹ́yìn-èdè: ẹni tí etí rẹ̀ di kí ó tó ní èdè, àti ẹni tí etí rẹ̀ di lẹ́yìn tí ó ti ní in.

Ìfetígbọ́: iṣẹ́ etí. Ìgbọ́yé: yíyé tí èdè yéni, ọ̀nà yòówù kí ó gbà wọlé. Ọmọ lè pàdánù ti ìṣáájú kí ó sì ní ti ìkẹyìn lẹ́kùn-ún-rẹ́rẹ́.

Èdè alohùn, èdè ọwọ́: oríṣi èdè méjì tí ó dọ́gba. 'Alohùn' ti wà nínú 'lítíréṣọ̀ alohùn'.

Ìrísí ọwọ́, ibùdó ọwọ́, ìrìn ọwọ́, ìṣesí ojú: àwọn ẹ̀yà tí a fi ń tú ọ̀rọ̀ ọwọ́.

Ọwọ́ ilé, lẹ́tà ìka, ẹ̀kọ́ àṣàmọ̀: gẹ́gẹ́ bí a ti ṣàlàyé wọn lókè.

8. Ìgúnlẹ̀

Òfin tí ó de ṣíṣe ẹ̀tanú sí àwọn abirùn ní Nàìjíríà, èyí tí Ààrẹ fọwọ́ sí ní oṣù kìíní ọdún 2019, ti ka èdè ọwọ́ mọ́ ohun tí ó yẹ kí ilé-ìwé máa kọ́. Ṣùgbọ́n ilé-ìwé a máa pẹ́ jù. Kékeré ni a ti í pa ẹ̀ka ìrókò. Ọmọ tí ó dé kíláàsì ní ọmọ ọdún méje láìní èdè kan ti pàdánù ọdún méje tí olùkọ́ kankan kò lè dá padà fún un tán. Ilé ìgbẹ̀bí àti ibùdó abẹ́rẹ́ àjẹsára, níbi tí a ti ń gbé ọmọ lọ ní oṣù dé oṣù, ni ó yẹ kí ìyá ti kọ́kọ́ gbọ́ gbólóhùn yìí ní Yorùbá tí ó yé e: etí ọmọ rẹ di, ọpọlọ rẹ̀ kò di, bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ bá a sọ̀rọ̀ lónìí. Ọ̀rọ̀ tí nọ́ọ̀sì yóò fi sọ ọ́ ni a ní láti bá a pèsè.

Ohun kan ṣẹ́ kù. A kì í fá orí lẹ́yìn olórí. Àbá ni gbogbo ọ̀rọ̀ tí a tò sókè yìí, ẹni tí etí rẹ̀ ń gbọ́ ìró ni ó sì tò wọ́n. Kí ìgbìmọ̀ èdè-ìperí èyíkéyìí tó fọwọ́ sí wọn, kí a gbé wọn lọ síwájú àwọn àgbàlagbà adití Yorùbá, pẹ̀lú ògbufọ̀, kí wọ́n yan èyí tí ó wù wọ́n, kí wọ́n sì da èyí tí kò wù wọ́n nù.